Pọ́íǹtì Méjèèjì Ni Kí O Sún

Ilé Ìránṣọ wa,
Ọ̀wọ̀.
Ọjọ́ Ajé, oṣù Kẹwàá, 1982.

Fọláṣadé, Àbẹ̀kẹ́ mi,

Mi ò ní bi ọ́ bóyá àlàáfíà lo wà. Ẹni tó lè kọ ojú ìwé mẹ́rin láti fi ṣàlàyé bí ẹ̀rù ṣe ń bà á, ara rẹ̀ le. Awakọ̀ tó gbé lẹ́tà rẹ wá láti Ẹlẹ́gbẹ́ka náà ní o ti sanra díẹ̀ sí i. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Ó tán, ká bọ́ sórí ọ̀rọ̀.

O ní alábẹ̀wò ilé ìwé ń bọ̀ ní Ọjọ́bọ̀ láti wá jókòó sẹ́yìn kíláàsì rẹ, kó wo bí o ṣe ń kọ́ni, àti pé ohun tó bá kọ sílẹ̀ ni wọn yóò fi mọ̀ bóyá kí wọ́n fi ọ́ múlẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́ tàbí kí wọ́n dá ọ padà sílé. O ní iṣẹ́ tó bọ́ sí ọjọ́ náà ni fífi nọ́ńbà onípọ́íǹtì pín nọ́ńbà onípọ́íǹtì, pẹ̀lú pínpín gbọọrọ, èyí tí ẹ̀yin olùkọ́ ń pè ní lọ́ńgì dìfíṣọ̀n. O ní kò yé ìwọ fúnra rẹ rí. O wá ní kí n kọ̀wé sí ọ̀gá rẹ pé ara mi ò yá, kí ó lè fún ọ láyè láti wálé ní Ọjọ́rú, kí olùkọ́ mìíràn gba kíláàsì náà ṣe.

Mi ò kọ ọ́. Mi ò sì ní í kọ ọ́. Bí o bá fẹ́ bínú sí mi, dákun, bínú lẹ́yìn Ọjọ́bọ̀. Iṣẹ́ pọ̀ nílẹ̀ kó tó di ìgbà náà. Lẹ́tà tí mo kọ dípò rẹ̀ nìyí. Ó gùn. Kà á tán lẹ́ẹ̀kan, kí o tún un kà pẹ̀lú pẹ́ńsùlù lọ́wọ́.

Èkíní, má sá. Ọ̀dọ̀ mi lo ti jogún sísá, èmi náà ló sì yẹ kí n gbà á padà lọ́wọ́ rẹ. Nígbà tí mo wà nílé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní Ìṣùàdà, àwa ọmọ ilé ìwé là ń pọn omi sí àmù olùkọ́. Gbogbo ọjọ́ tí tíṣà bá ti kọ pọ́íǹtì sójú bọ́ọ̀dù, èmi ni mo máa ń kọ́kọ́ nawọ́ sókè.

“Tíṣà, omi yín ti fẹ́ tán.”

“Ọmọ dáadáa! Lọ pọn ọ́n wá.”

Mo pọn omi títí àmù fi kún àkúnwọ́sílẹ̀, orí tèmi sì ṣófo. Ní ìparí ọdún, wọ́n tún fún mi ní ẹ̀bùn ọmọ tó níwà jù lọ! Gbogbo ìyá Ìṣùàdà ń fi mí ṣe àpẹẹrẹ fún ọmọ wọn. Kò sẹ́ni tó mọ̀ pé olè ni mí, pé ara mi ni mo ń jà lólè.

Ohun tí mo sá fún yẹn jókòó dè mí fún ọgbọ̀n ọdún ó dín díẹ̀. Ọdún 1977 ló dìde. Ìwọ wà nílé ìwé girama nígbà náà, ibẹ̀ lo sì ń sùn, nítorí náà o ò mọ ìdí ọ̀rọ̀ náà. Ilé ìwé tuntun kan ní Ìpèlé gbé iṣẹ́ aṣọ àwọn ọmọ fún wa: ọgọ́sàn-án aṣọ, tí a ó fi rìbọ́ọ̀nù pupa yí kọ́là rẹ̀ ká. Ìgbà yẹn ni mítà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gba ipò ọ̀pá lọ́wọ́ àwa aránṣọ. Ojú kan lára téèpù jẹ́ íǹṣì, ojú kejì jẹ́ sẹ̀ntímítà, ìyẹn kejì ò sì tíì mọ́ wa lára. Mo ra róòlù rìbọ́ọ̀nù kan. Wọ́n kọ ọ́ sí i lára pé 21.6 mítà ni. Kọ́là kan yóò jẹ 0.48 mítà. Kọ́là mélòó ni yóò jáde?

Mo jókòó, mo gbé pẹ́ńsùlù. Mo sún pọ́íǹtì 0.48 lẹ́ẹ̀mejì, ó di 48. Mo ní níwọ̀n ìgbà tí mo ti sún un lẹ́ẹ̀mejì níbí, kí n fi òdo méjì sára èkejì. Mo nu pọ́íǹtì 21.6 kúrò, mo fi òdo méjì sí i nídìí, ó di 21600. Mo fi 48 pín in. Ó jẹ́ 450. Àádọ́ta lé nírinwó! Mo ní, ṣé ọgọ́sàn-án péré ni wọ́n ń wá? Róòlù kan yìí á ṣe é, á tún ṣẹ́ kù fún ọdún tó ń bọ̀.

O mọ Bàbá Ráfíù, aránṣọ àgbà tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kángun sí tiwa lápá mọ́ṣáláṣí. Kò wọ ilé ìwé rí, nọ́ńbà ara téèpù nìkan ló mọ̀ ọ́n kọ. Ọ̀nà tirẹ̀ ni pé yóò gé igi pẹlẹbẹ kan tó gùn tó ohun tó fẹ́ gé, yóò máa tẹ́ ẹ lé orí aṣọ, ọ̀kan, èjì, ẹ̀ta, títí aṣọ yóò fi tán. Ó wọlé wá kí mi, ó gbé róòlù náà wò, ó ní:

“Ìyá Ṣadé, rìbọ́ọ̀nù yìí ò lè ṣe ọgọ́ta kọ́là o.”

“Ẹ ti wọ̀n ọ́n ni, Bàbá?”

“Ojú mi ti wọ̀n ọ́n.”

“Bàbá, ojú kọ́ la fi ń ṣírò. Ìwé ni. Ẹ jẹ́ kí àwa tó kàwé ṣe é.”

Ó rẹ́rìn-ín. “Ó dáa o, ọ̀mọ̀wé. Bí rìbọ́ọ̀nù bá tán, kí ẹ fi ìwé yí kọ́là ká.”

Kọ́là márùndínláàádọ́ta la rán tí rìbọ́ọ̀nù fi tán. Ó ku márùndínlógóje nílẹ̀. Ọjọ́ Ẹtì ni, ilé ìwé ń wọlé lọ́jọ́ Ajé. Mo wá irú rẹ̀ káàkiri Ọ̀wọ̀, mo wá a dé Àkúrẹ́, pupa náà ò sí. Bẹ́ẹ̀ la ṣe kó aṣọ lọ, díẹ̀ ní pupa lọ́rùn, ọ̀pọ̀ kò ní. Kí wọ́n tó kọrin àárọ̀ tán, àwọn ọmọ tó ní pupa ti sọ àwọn yòókù ní “Ọrùn-òfo.” Obìnrin kan fa ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́ wá bá mi, ó ní, “Ìyá aránṣọ, ẹ̀ṣẹ̀ wo ni ọmọ tèmi ṣẹ̀ yín?” Ọ̀gá ilé ìwé kò pariwo. Ó kàn ní lọ́dún tó ń bọ̀ òun yóò wá ẹlòmíràn. Àbẹ̀kẹ́, ì bá pariwo kó sàn.

Èkejì, béèrè lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀, má sì jẹ́ kó di ọ̀la. Lọ́jọ́ náà gan-an ni mo lọ kúnlẹ̀ fún Bàbá Ráfíù. Ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n kì í jẹ́ ká pe àgbà ní wèrè, èmi sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pè é. Ó ní, “Dìde jàre. O ò mọ̀ ọ́n ni. Lọ mọ̀ ọ́n.” Oṣù yẹn ni mo forúkọ sílẹ̀ fún kíláàsì ìrọ̀lẹ́ àwọn àgbàlagbà, ní ẹ̀ka ìmọ̀ òwò. Gbogbo ènìyàn rò pé owó ni mo fẹ́ lọ kọ́ bí wọ́n ṣe ń pa. Pọ́íǹtì ni mo bá lọ.

Olùkọ́ wa jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti Ìbàdàn. Mo gbé ìṣirò rìbọ́ọ̀nù náà fún un bó ṣe rí. Ó wò ó, ó ní:

“Màmá, ẹ fi òdo kún un ni, ẹ ò sún pọ́íǹtì.”

“Ṣé kì í ṣe ọ̀kan náà ni?”

“Bó bá jẹ́ odidi, ọ̀kan náà ni. Ṣùgbọ́n èyí ti ní 6 lẹ́yìn pọ́íǹtì. Bí pọ́íǹtì bá fo 6 yẹn, ó ti rin ẹsẹ̀ kan. Ẹsẹ̀ kan ló kù. Òdo kan ni, kì í ṣe méjì.”

Mo ní kó dúró. Mo mú téèpù jáde nínú àpò mi, mo wo ojú sẹ̀ntímítà rẹ̀. Kọ́là, 48 sẹ̀ntímítà. Rìbọ́ọ̀nù, 2160 sẹ̀ntímítà. Mo ní, “Ṣé ohun tí mo ṣe ni pé mo fi sẹ̀ntímítà wọn kọ́là, mo wá fi nǹkan tí ẹnikẹ́ni ò mọ orúkọ rẹ̀ wọn rìbọ́ọ̀nù?”

Ó gbé ṣọ́ọ̀kì kalẹ̀. Ó ní, “Màmá, ẹ̀yin lẹ máa kọ́ wọn lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.”

Ohun tí ìwé rẹ kò sọ fún ọ nìyẹn. Wọ́n ní kí o sún pọ́íǹtì, wọn ò sọ ìdí rẹ̀. Ìdí rẹ̀ ni pé o fẹ́ fi ìwọ̀n kan náà wọn nǹkan méjèèjì. Bí o bá sún ti ẹni tó ń pín lẹ́ẹ̀mejì, sún ti ẹni tí à ń pín lẹ́ẹ̀mejì. Aṣọ ò gùn sí i, kò kúrú sí i, orúkọ ìwọ̀n rẹ̀ nìkan lo pààrọ̀. Lẹ́yìn náà, pín in bí o ṣe ń pín odidi. 48 nínú 216, ẹ̀ẹ̀mẹrin. Ìyẹn jẹ́ 192, ó ku 24. Sọ òdo kalẹ̀, ó di 240. 48 nínú 240, ẹ̀ẹ̀marùn-ún géérégé. 45. Iye kọ́là tí a rán kí ìtìjú tó bá mi gan-an nìyẹn. Nígbà tí mo rí 45 yẹn lórí ìwé, mo rẹ́rìn-ín sókè nínú kíláàsì, wọ́n rò pé nǹkan ń ṣe mí.

Kí o tó pín ohunkóhun, fojú dá a. Èyí ni mo fi ṣẹ́gun, nítorí náà fetí sí mi dáadáa.

Nígbà tí ọdún yípo, mo gbọ́ pé ọ̀gá ilé ìwé Ìpèlé ti pe aránṣọ kan láti Àkúrẹ́, Ọ̀gá Kọ́lá, láti wá gba iṣẹ́ náà. Ẹnikẹ́ni ò pè mí. Mo wọ ọkọ̀ lọ. Mo bá wọn nínú ọ́fíìsì, aṣọ wà lórí tábìlì, 86.4 mítà. Aṣọ ọmọ kan ń jẹ 1.35 mítà. Ọ̀gá Kọ́lá ní ẹ̀rọ ìṣirò kékeré kan tó ń tàn yanranyanran lọ́wọ́. Ó tẹ̀ ẹ́, ó ní, “Ogójì lé lẹ́gbẹ̀ta! Aṣọ yìí á ṣe 640.” Ẹnu ya ọ̀gá ilé ìwé. Ayọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í yọ lójú rẹ̀.

Mo ní, “Ẹ kú iṣẹ́ o, sà. Ṣé ọmọ kan ń wọ̀ ju mítà kan lọ?”

“Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá.”

“Mítà tó wà nílẹ̀ ò pé àádọ́rùn-ún. Báwo ni yóò ṣe wọ ọmọ ẹgbẹ̀ta? Àbí èèrà lẹ fẹ́ rán aṣọ fún?”

Ọ̀gá Kọ́lá ní, “Màmá, ẹ̀rọ kì í purọ́.”

“Mo mọ̀. Ohun tí ẹ tẹ̀ ló dá yín lóhùn. Ibo lẹ fi pọ́íǹtì sí?”

Ó wo ìka rẹ̀. Ọ̀gá ilé ìwé fún mi ní ṣọ́ọ̀kì, bóyá kí n lè tètè tẹ́, kí n sì máa lọ. Mo kọjú sí bọ́ọ̀dù. 1.35 di 135, ẹsẹ̀ méjì. 86.4 di 8640, ẹsẹ̀ méjì. 135 nínú 864, ẹ̀ẹ̀mẹfà, 810, ó ku 54. Sọ òdo kalẹ̀, 540. Ẹ̀ẹ̀mẹrin. Kò ku nǹkan kan. Mo fàlà sábẹ́ 64, mo kọjú sí wọn. Ọ̀gá Kọ́lá tún ẹ̀rọ rẹ̀ tẹ̀, ó rọra tẹ̀ ẹ́, ó wò ó, ó tì í bọ àpò. Ó ní, “Mẹ́rìnlélọ́gọ́ta ni, sà.” Ọmọlúàbí ni, ó gbà.

Èmi ni mo gbé aṣọ náà wálé. A gé e, ó jẹ́ mẹ́rìnlélọ́gọ́ta, kò ku èyí tí ọmọ jòjòló lè fi nu imú. Láti ọdún náà títí di òní, iṣẹ́ aṣọ Ìpèlé kò kúrò ní ilé yìí mọ́. Ṣọ́ọ̀kì ló gbà á padà fún mi.

Àwọn ọmọ rẹ yóò bi ọ́ léèrè pé bí pọ́íǹtì kò bá tán lára ẹni tí à ń pín ńkọ́? Má jẹ́ kó dẹ́rù bà ọ́. Ẹni tó ń pín nìkan ló gbọ́dọ̀ di odidi. 9.24 tí a fẹ́ fi 0.6 pín: sún méjèèjì lẹ́ẹ̀kan, ó di 92.4 àti 6. Pín in lọ. Bí o bá ti dé ibi pọ́íǹtì, gbé e gun òkè tààrà sínú ìdáhùn, kí o máa bá iṣẹ́ lọ. 15.4. Ó parí. Má sún un kọjá ibi tó yẹ nítorí pé o fẹ́ kó dára lójú.

Wàyí o, Àbẹ̀kẹ́ mi, ohun tó dùn mí jù. Mo yí ojú ìwé kẹrin lẹ́tà rẹ sẹ́yìn. O ti gbìyànjú kan síbẹ̀, 6.3 tí a fi 0.18 pín. O sún pọ́íǹtì méjèèjì. 630 àti 18. 18 nínú 63, ẹ̀ẹ̀mẹta, ó ku 9. Sọ òdo kalẹ̀, 90, ẹ̀ẹ̀marùn-ún. O kọ 35. O wá fi ìlà gbọọrọ pa á rẹ́! O kọ 0.35 sábẹ́ rẹ̀, o sì kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ pé: “Ṣé a lè pín nǹkan kó tún pọ̀ sí i?”

Ó lè pọ̀ sí i. Bí o bá pín iṣu kan fún ẹni mẹ́ta, ti oníkálukú á kéré sí odidi. Ṣùgbọ́n bí o bá béèrè pé ègé kéékèèké mélòó ló wà nínú iṣu kan náà, iye ègé á pọ̀ ju iṣu lọ. Bí ègé bá ṣe kéré tó ni iye rẹ̀ ṣe ń pọ̀ tó. 35 gún régé. O ò lè sọ fún mi mọ́ pé o ò mọ̀ ọ́n. O mọ̀ ọ́n, o ṣe é, ó bọ́ sí i, o wá fi ọwọ́ ara rẹ pa á rẹ́. Ìbẹ̀rù ló wà níbẹ̀, kì í ṣe àìmọ̀. Àìmọ̀ ni mo lè kọ lẹ́tà sí. Ìbẹ̀rù, ìwọ ni yóò dìde sí i.

Láàárọ̀ yìí mo fi ẹfun ìránṣọ kọ ìṣirò rẹ yìí sórí tábìlì ìgéṣọ, kí n lè tún un wò. Bàbá Ráfíù wọlé. Ó bi mí pé kí ni mò ń kọ tí mi ò ránṣọ. Mo sọ fún un pé tìrẹ ni. Ó ní, “Ó jẹ́ mélòó?” Mo ní kó lọ mú igi rẹ̀ wá. Ó gé igi tó gùn tó 18 sẹ̀ntímítà, a na aṣọ mítà mẹ́fà àti ọgbọ̀n sẹ̀ntímítà sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ́ ẹ. Nígbà tó dé márùndínlógójì, igi dé ìdí aṣọ, kò lé, kò dín. Ó wo ẹfun mi, ó wo igi rẹ̀.

Ó ní, “Ìyá Ṣadé, ọdún mélòó la ti jọ wà níbí tí o ò fi èyí hàn mí?”

Ojú tì mí, mi ò purọ́ fún ọ. Mo ní, “Ẹ má bínú, Bàbá. Mo rò pé ẹ ò nílò rẹ̀.”

“Gbé e wá.”

Mo kọ́kọ́ fi tìrẹ hàn án ní ìgbésẹ̀ kọ̀ọ̀kan, mo wá kọ 7.5 àti 0.25 fún un. Mo fi ẹfun lé e lọ́wọ́. Ó sún pọ́íǹtì kan, ó ń kà á sókè, “ẹsẹ̀ kan, ẹsẹ̀ méjì.” Ó sún èkejì bẹ́ẹ̀, ó fi òdo kan dí àyè tó ṣófo. 750 àti 25. Ó ní 25 nínú 75, ẹ̀ẹ̀mẹta. Ó kọ 3, kò ku nǹkan kan, ó gbé ẹfun kalẹ̀. Ètè mi ń yún mi, o mọ̀ mí, ṣùgbọ́n mo pa ẹnu mọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í wo aṣọ nílẹ̀.

“Mẹ́ta kẹ̀? Ègé tí ò ju àtẹ́lẹwọ́ mi méjì lọ, nínú mítà méje àbọ̀? Irọ́ ni.” Ó tún doríkodò wo orí tábìlì. “Áà! Òdo yìí! Mi ò tíì sọ ọ́ kalẹ̀.” Ó sọ ọ́ kalẹ̀, ó kọ òdo sẹ́gbẹ̀ẹ́ 3, ó sì pariwo tí àwọn ará mọ́ṣáláṣí fi gbọ́: “Ọgbọ̀n! Ọgbọ̀n ni, láìfi igi wọ̀n ọ́n! Ọlọ́run tóbi!”

Ẹni tó lé lọ́gọ́ta ọdún, Ṣadé. Láàárín wákàtí kan. Àwọn tó ń ránṣọ dìde, wọ́n ń pàtẹ́wọ́, wọ́n ń pè é ní Tíṣà. Ó ní kí n kọ èyí sí ọ, bó ṣe wí i ni mo kọ ọ́: “Sọ fún Ṣadé kó má ṣe dá ṣọ́ọ̀kì náà dì mọ́wọ́ ní Ọjọ́bọ̀. Kó gbé e lé àwọn ọmọ náà lọ́wọ́, kó sì pa ẹnu mọ́ bí wọ́n bá kọ́kọ́ ṣì í. Ìgbà tí ìyá rẹ̀ pa ẹnu mọ́ ni mo mọ̀ ọ́n.” Mi ò ní nǹkan kan láti fi kún un. Ṣe bẹ́ẹ̀. Bí alábẹ̀wò bá rí ọmọ tó fúnra rẹ̀ mú àṣìṣe ara rẹ̀, kí ló tún ń wá?

Bàbá Ráfíù ti lọ kírun. Kó tó lọ, ó ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ nu ọgbọ̀n òun kúrò lórí tábìlì, pé òun ń mú ìyàwó òun bọ̀ wá wò ó. Aṣọ ogún ọmọ ló ń dúró dè mí láti gé. Mo ti ní kí wọ́n tẹ́ ẹní sílẹ̀, ibẹ̀ la ó ti gé e lónìí.

Èmi ni, ìyá tó bí ọ, tó sì mọ ohun tó bí.